Baga, Ìlú Apẹja Létí Adágún Chad

Baga jẹ́ ìlú kékeré kan ní ìjọba ìbílẹ̀ Kukawa, ní ìpínlẹ̀ Borno, níbi tí ilẹ̀ Nàìjíríà ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán níhà àríwá ìlà-oòrùn. Ẹni tó bá gbéra ní Maiduguri yóò gba Monguno kọjá, yóò sì rìn tó nǹkan bí 200 kìlómítà kó tó débẹ̀. Doron Baga tó wà nítòsí rẹ̀, tí àwọn mìíràn ń pè ní Doro Gowon, ló sún mọ́ omi jù. Ibẹ̀ ni ọkọ̀ ojú omi ti ń gúnlẹ̀. Lẹ́nu àwọn oníṣòwò ẹja, Baga ni méjèèjì ń jẹ́.

Ẹni tó bá ń retí ọ̀sà bíi ti Èkó kò ní rí i níbẹ̀. Adágún Chad kò jìn. Ní ọ̀pọ̀ ibi, omi rẹ̀ kò mu àgbàlagbà dé ọrùn. Ifefe àti koríko bo ojú rẹ̀, erékùṣù wẹẹrẹ kún inú rẹ̀, omi tóóró-tóóró sì ń gba àárín wọn kọjá, débi pé àlejò kò lè mọ ọ̀nà láìsí ẹni tí yóò tọ́ ọ. Nǹkan bí ìdá mẹ́sàn-án nínú mẹ́wàá omi yìí, odò Chari àti Logone ló ń gbé e bọ̀ láti gúúsù. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé ìgbà tí òjò ti dáwọ́ dúró pátápátá ní Borno, tí ọyẹ́ ń fẹ́, ni adágún ń kún jù. Kò sí odò kankan tó ń ṣàn jáde nínú rẹ̀, síbẹ̀ omi rẹ̀ ṣeé mu, nítorí abẹ́ ilẹ̀ ni omi tó ní iyọ̀ ń gbà sá lọ.

Ìtàn ìlú yìí kò ṣeé yà kúrò lára ti Kukawa tó wà nítòsí rẹ̀. Shehu Muhammad al-Amin al-Kanemi ló tẹ Kukawa dó ní 1814, ó sì di olú-ìlú Borno. Denham àti Clapperton, àwọn arìnrìn-àjò láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, débẹ̀ ní 1823. Heinrich Barth ará Jámánì dé ní 1851. Rabih, jagunjagun tó ti ìhà Sudan wá, ló run Kukawa ní 1893, nígbà tó sì di 1907, Shehu kó lọ sí Yerwa, tó di Maiduguri òní. Ní gbogbo àsìkò yẹn, ọjà kan wà tó ń gba etí omi yìí kọjá tó kan àwa náà gbọ̀ngbọ̀n: káún. Apá kejì adágún, níhà Kanem, ni wọ́n ti ń wà á. Àwọn Buduma a kó o sínú ọkọ̀ tí wọ́n fi ifefe dì, wọn a tukọ̀ rẹ̀ wá sí èbúté Borno, ẹran arẹrù a sì gbà á níbẹ̀. Ó ti ń dé ilẹ̀ Hausa, ilẹ̀ Nupe àti ilẹ̀ Yorùbá kí òyìnbó tó gba ìjọba. Ìyàwó ilé tó ń ju káún sínú ewédú kó lè yọ̀ dáadáa kò ní láti mọ Baga, ṣùgbọ́n ìṣòwò tó gbé káún dé ọwọ́ rẹ̀ mọ̀ ọ́n.

Àwọn Kanuri ló nilẹ̀. Àwọn Buduma, tí wọ́n ń pe ara wọn ní Yedina, ń gbé orí erékùṣù pẹ̀lú màlúù Kuri wọn, irú màlúù kan tí ìwo rẹ̀ wú gidigidi níbi ìdí, àmọ́ tí ìwo náà fúyẹ́. Màlúù yìí mọ bí a ti ń lúwẹ̀ẹ́. Láti erékùṣù kan sí òmíràn ló ń lúwẹ̀ẹ́ lọ jẹko. Àwọn Shuwa Arab náà wà níbẹ̀. Nígbà tí ẹja di owó ńlá, àwọn apẹja Hausa ti Kébbì àti Sókótó wá, ará Niger, ará Chad àti ará Mali wá, àwọn Igbo oníṣòwò kò sì gbẹ́yìn.

Àrọ̀ àti epìyà wà lára ẹja tí wọ́n ń rí jù. Wọ́n á la ikùn àrọ̀, wọ́n á fọ̀ ọ́. Bó bá kéré, wọ́n á ká a títí ìrù rẹ̀ yóò fi kan ẹnu, wọ́n á fi igi tẹ́ẹ́rẹ́ gún un kó má baà tú. Bó bá tóbi, wọ́n á gé e lékìrí-lékìrí. Orí àwọ̀n wáyà ni wọ́n ń tẹ́ ẹ sí lókè iná, wọ́n á sì máa yí i títí ara rẹ̀ yóò fi dúdú tí yóò sì gan. Banda ni Hausa ń pè é. Àwọn ẹja wẹ́wẹ́ tí oòrùn nìkan gbẹ ni wọ́n ń pè ní salanga. Páálí ni wọ́n ń kó banda sí, tírélà á sì gbé e gba Maiduguri lọ sí Oǹìṣà, Ìbàdàn àti Èkó.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960, adágún náà fẹ̀ tó 25,000 kìlómítà níbùú lóòró. Ọ̀dá ọdún 1972 sí 1974 pín in sí méjì, nígbà tó sì di àárín àwọn ọdún 1980, kò tó 2,000 mọ́. Ìjọba ti dá iṣẹ́ ìbomirin ńlá kan sílẹ̀ níhà gúúsù adágún, wọ́n fẹ́ fi bomi rin 67,000 hẹ́kítà. Omi sá kúrò níwájú ẹ̀rọ tí ó yẹ kó máa fà á. Àwọn apẹja kò ní ẹ̀rọ, nítorí náà ẹsẹ̀ ni wọ́n fi tẹ̀ lé omi. Ibi tí omi bá ti kúrò, wọ́n á gbin àgbàdo àti ẹ̀wà sórí ilẹ̀ tútù tó fi sílẹ̀. Lójú tèmi, wọ́n gbọ́n ju àwọn onímọ̀ẹ̀rọ lọ.

Títẹ̀lé omi yìí ló dá ẹjọ́ sílẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọmọ Nàìjíríà ti tẹ̀ ẹ́ dé Darak àti àwọn abúlé mìíràn tí wọ́n wà ní apá Cameroon, Nàìjíríà sì ti ń fi olùkọ́ àti ọlọ́pàá ránṣẹ́ síbẹ̀. Nínú ìdájọ́ tí ilé ẹjọ́ àgbáyé ní Hague ṣe ní ọjọ́ 10 oṣù Kẹwàá 2002, èyí tí gbogbo wa mọ̀ nítorí Bakassi, Cameroon ló gba àwọn abúlé náà. Nàìjíríà kúrò níbẹ̀ ní oṣù Kejìlá 2003. Àwọn apẹja kò kúrò.

Ogun ló wá ṣe ohun tí ọ̀dá kò lè ṣe. Ní oṣù Kẹrin 2013, àwọn ọmọ ogun àti Boko Haram kọlu ara wọn ní Baga. Human Rights Watch ka ilé 2,275 tó bàjẹ́ nínú àwòrán sátẹ́láìtì. Àwọn ará ìlú ní òkú lé ní 180, àwọn ológun ní 37 péré ni. Ní oṣù Kọkànlá 2014, Boko Haram pa oníṣòwò ẹja 48 nítòsí Doron Baga nígbà tí wọ́n ń lọ ra ẹja ní Chad. Ní ọjọ́ 3 oṣù Kìn-ín-ní 2015, bárékè ológun àpapọ̀ tó wà ní Baga bọ́ sọ́wọ́ Boko Haram, ìpànìyàn sì bẹ̀rẹ̀. Amnesty International ní ilé tó bàjẹ́ ní Baga tó 620, ti Doron Baga lé ní 3,100. Àjọ náà ní òkú lè tó 2,000. Ìjọba ní kò ju 150 lọ. Ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni wọ́n pa àwọn oníwèé ìròyìn ní Paris, tí àwọn ààrẹ ayé sì kóra jọ síbẹ̀. Ẹnikẹ́ni kò kóra jọ sí Baga.

Àwọn ológun gba Baga padà ní oṣù Kejì 2015, ó tún bọ́ lọ́wọ́ wọn ní oṣù Kejìlá 2018, wọ́n tún gbà á. Ní 2020, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan ni wọ́n kọlu ọ̀wọ́ ọkọ̀ Gómìnà Babagana Zulum ti Borno lọ́nà Baga, nígbà tó ń wá bí àwọn ará ìlú yóò ṣe padà sílé. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún nínú wọn sì padà lọ́dún náà.

Láti àwọn ọdún 1990, omi adágún ti pọ̀ sí i díẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ìjọba bá ti gbẹ́nu lé ọ̀rọ̀ rẹ̀, bí wọn yóò ṣe fa omi wá láti odò Ubangi ni wọ́n máa ń sọ. Ohun tí àwọn ará Baga nílò kò tó bẹ́ẹ̀: kí ọ̀nà Monguno ṣeé rìn, kí apẹja lè wọ omi láìsan owó orí fún àwọn tó dìhámọ́ra, kí páálí banda sì dé Maiduguri láìfarapa. Bí wọ́n bá rí ìyẹn, omi tó wà níbẹ̀ báyìí tó wọn.