Wally Badarou, ọmọ Bẹ̀nẹ̀ tó ń ṣe orin fíìmù

Bí fíìmù bá ti parí, tí orúkọ àwọn tó ṣe é bá ń kọjá lójú télé, àwa ti dìde nílẹ̀. Ibẹ̀ gan-an lorúkọ Wally Badarou máa ń wà.

Páríìsì ni wọ́n bí i sí ní 1955, ọmọ Bẹ̀nẹ̀ làwọn òbí rẹ̀. Nígbà tó di ọmọ ọdún 7, wọ́n mú un wá sílé, sí Kútọnu. Lẹ́yìn náà ló padà sí Faransé.

Dùùrù oníná niṣẹ́ rẹ̀. Ní 1979, ó tẹ̀ ẹ́ nínú « Pop Muzik », orin tó gba ayé kan. Ó bá Grace Jones ṣe « Nightclubbing » (1981) ní erékùṣù Bahamas. Ó bá ẹgbẹ́ Level 42 kọ orin fún ọ̀pọ̀ ọdún, àmọ́ kì í bá wọn dúró lórí pèpéle. Fela náà fi í ṣe olùdarí àwo « Teacher Don't Teach Me Nonsense » (1986).

Ní ti fíìmù, orin rẹ̀ wà nínú « Countryman » (1982), tí wọ́n ṣe ní Jàmáíkà, àti « Kiss of the Spider Woman » (1985). Òun náà ló ṣe orin « Kini and Adams » (1997), fíìmù Idrissa Ouédraogo, ọmọ Bùrùkínà.

Ẹ̀yin ará Tchaada, tí fíìmù bá parí, ẹ jẹ́ ká jókòó díẹ̀ sí i, ká ka orúkọ. Ọmọ tiwa lè wà níbẹ̀.