Kóòtù Kọ́ Ló ń Tú Ẹbí Ká, Ọjọ́ Ni

A kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Bí àgbà bá pa òwe yìí ní Ṣakí tàbí Ìsẹ́yìn, ohun tó ń sọ ni pé kí ọbàkan má ṣe tìtorí ilẹ̀ baba wọn fa ara wọn dé iwájú adájọ́. Òótọ́ wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n lójú tèmi, kì í ṣe ìdájọ́ ló ń pa ìbátan. Ọdún tí wọ́n fi ń retí ìdájọ́ ni. Ẹni tí wọ́n dá lẹ́bi, tó sì mọ ìpín tirẹ̀ kí òjò àkọ́rọ̀ tó rọ̀, yóò kọ ebè rẹ̀, inú rẹ̀ yóò sì máa rọ̀ díẹ̀díẹ̀. Ẹni tó lo ogún ọdún lẹ́nu ẹjọ́ ti bí ọmọ tí kò mọ ọmọ ẹ̀gbọ́n baba rẹ̀ bí kò ṣe ní ọ̀tá.

Suberu Dawodu kú l'Ékòó ní 1940 láìṣe ìwé ìhágún. Ó fi ìyàwó mẹ́rin àti ọmọ mẹ́sàn-án sílẹ̀. Ohun tí wọ́n ń jà sí kò ju pé ṣé ìdí-igi (ní iye ìyàwó) ni kí wọ́n fi pín ogún, tàbí orí-ò-jorí (ní iye ọmọ). Adájọ́ Jibowu ní orí-ò-jorí. Kóòtù tó ga jù yí i padà sí ìdí-igi ní 1958. Ó di 1962 kí Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù, kóòtù ìkẹyìn nígbà náà, tó fòǹtẹ̀ lù ú. Ẹjọ́ láàárín Ariori àti Elemo tún burú jù. Ẹjọ́ tó bẹ̀rẹ̀ ní 1960 kò rí ìdájọ́ àkọ́kọ́ títí di 1975. Ní 1983, Kóòtù Tó Ga Jù Lọ ní kí wọ́n lọ tún un gbọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, torí pé ẹni tó pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ kó tó dájọ́ kò lè rántí ìṣesí àwọn ẹlẹ́rìí mọ́. Ní Òkè-Ògùn, ibi tí ilẹ̀ oko ti lè gbéra láti kóòtù ìbílẹ̀, kọjá sí kòtẹ́milọ́rùn n'Íbàdàn, kó tó dé Àbújá, pèrègún àti igi òrí ni ààlà, orí arúgbó sì ni ìwé ẹ̀rí. Arúgbó kì í dúró de ìsún-síwájú ẹjọ́.

Bí a bá ní kí òfin dá ọjọ́ fún irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀, wọ́n lè ní ìkánjú a máa ba ìdájọ́ jẹ́. Àtúnṣe òfin 2010 fún ẹjọ́ ìbò ní 180 ọjọ́, ó fún kòtẹ́milọ́rùn rẹ̀ ní 60, àwọn ẹjọ́ kan sì kú torí ọjọ́ pé. (Àga òṣèlú ní ọjọ́ ìparí, bóyá ìyẹn ni wọ́n ṣe rántí rẹ̀ kíákíá.) Àmọ́ òfin mọ ọ̀nà mìíràn: ó fún adájọ́ ní 90 ọjọ́ lẹ́yìn àròyé ìkẹyìn, síbẹ̀ pípẹ́ nìkan kì í sọ ìdájọ́ di asán, àfi bí ó bá ti rẹ́ ẹnì kan jẹ. Irú gbèdéke bẹ́ẹ̀ ló yẹ kòtẹ́milọ́rùn ilẹ̀ ẹbí. Kí wọ́n sì dẹ́kun gbígbé ọ̀rọ̀ ẹ̀gbẹ́ lọ sókè nígbà tí wọn kò tíì gbọ́ kókó ẹjọ́.

Àwọn mìíràn ní adájọ́ ni kò tó. Ní February 2024, Olukayode Ariwoola, ọmọ Ìsẹ́yìn tó jẹ́ Adájọ́ Àgbà nígbà náà, búra wọlé fún adájọ́ 11 ní Kóòtù Tó Ga Jù Lọ, wọ́n sì pé 21 tí òfin gbà. Ìlà kan ṣoṣo náà ni gbogbo Nàìjíríà ṣì ń tò sí. Ẹni tó bá sì ní kí a dá ẹjọ́ padà fún àwọn àgbà nílé kò ṣìnà, bí olórí ẹbí bá dúró láàárín. Àmọ́ lọ́pọ̀ ìgbà, òun gan-an ló ta ilẹ̀ tí wọn kò tíì pín.