Ìròyìn Kò Tó Àfojúbà: Fídíò Tó Jẹ́rìí fún Ìlú Bodo

Ọmọ Ìlàjẹ ni ìyá mi àgbà, létí òkun Ìpínlẹ̀ Oǹdó. Wọ́n máa ń sọ fún wa pé epo rọ̀bì dà sínú omi wọn nígbà kan, tí àwọ̀n ọkọ wọn bàjẹ́, tí ẹja sì kú. Mo bi wọ́n pé, "Màmá, báwo ló ṣe pọ̀ tó?" Wọ́n ní, "Ọmọ mi, ó pọ̀. Ta ló wọ̀n ọ́n?" Ìdáhùn yìí ló mú kí n wá ìtàn Bodo kà.

Ìlú apẹja ni Bodo, ní ilẹ̀ Ogoni, Ìpínlẹ̀ Rivers. Ní ọdún 2008, ọ̀pá epo ilé-iṣẹ́ Shell tú níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Epo bo odò, ó pa ẹja, akàn àti ìṣáwùrú, ó sì pa àwọn igi etí odò. Ilé-iṣẹ́ náà kọ ọ́ sínú ìwé pé àgbá epo 1,640 péré ló dànù nígbà àkọ́kọ́. Àwọn ará ìlú ní ó ju bẹ́ẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n ta ni yóò gba apẹja gbọ́ níwájú ìwé ilé-iṣẹ́ ńlá?

Fídíò ló tú àṣírí. Wọ́n ti ya fídíò ojú ibi tí epo ti ń ṣàn jáde. Ẹgbẹ́ CEHRD ti Ìpínlẹ̀ Rivers àti Amnesty International gbé e fún àwọn onímọ̀ ọ̀pá epo ní Amẹ́ríkà. Ní 2012, wọ́n kéde èsì: epo tó ń dà kò dín ní àgbá 1,440 lójúmọ́, ó sì lè tó 4,320. Mo ṣe ìṣirò rẹ̀. Bí a bá mú iye tó kéré jù, ti ọjọ́ méjì péré ti ju iye tí ilé-iṣẹ́ kọ sílẹ̀ lọ. Bẹ́ẹ̀, ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀ ni epo náà fi tú.

Àwọn ará Bodo gbé ẹjọ́ lọ sí Lọ́ńdọ̀nù. Ní 2014, Shell gbà pé iye tí òun sọ kéré sí òtítọ́. Ní oṣù kìíní ọdún 2015, ó gbà láti san mílíọ̀nù 55 pọ́n-ùn. Fídíò nìkan kọ́ ló ṣe é: àwọn agbẹjọ́rò ṣiṣẹ́, àwọn ará ìlú sì ní ìfaradà. Owó náà kò sì sọ odò di mímọ́ lọ́jọ́ kan. Ṣùgbọ́n láìsí fídíò yẹn, ohun tó wà nínú ìwé ilé-iṣẹ́ nìkan ni à bá máa kà lónìí.

Nígbà ìsinmi tó kọjá, mo gbé fóònù bàbá mi lọ bá Màmá. Wọ́n tọ́ka sí ibi tí ọkọ wọn máa ń dẹ àwọ̀n sí, wọ́n dárúkọ àwọn ẹja tí kò sí mọ́. Mo yà á, mo sì kọ ọjọ́ àti orúkọ ibẹ̀ sílẹ̀. Fídíò mi kò lè sọ iye epo tó dà nígbà náà, ó ti pẹ́ jù. Ṣùgbọ́n bí epo bá tún dà lọ́la, kò ní sí ẹni tí yóò lè sọ pé omi yẹn kò ní ẹja rí.