Agbẹjọ́-ẹnìkan-dá àti Fíìmù Barking

Agbẹjọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Ẹni tó gbọ́ tẹnu ẹnìkan tó sì dájọ́, ìkà ló ṣe, bó ti wù kó dàgbà tó. Òwe yìí kan ẹni tó ń fi ìṣẹ̀lẹ̀ gidi ṣe fíìmù, Laura Fairrie, olùdarí fíìmù ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, sì jẹ́ àpẹẹrẹ kan.

Ní 2010 ni Fairrie ṣe The Battle for Barking, tí ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n More4 gbé sáfẹ́fẹ́. Fíìmù náà tẹ̀ lé ìdíje fún àga Barking nílé aṣòfin, ní ìlà-oòrùn London, láàárín Margaret Hodge ti ẹgbẹ́ Labour àti Nick Griffin, olórí BNP nígbà náà, ẹgbẹ́ tó ń tako àwọn tó wá láti ilẹ̀ òkèèrè. Kámẹ́rà rẹ̀ wọ àgọ́ méjèèjì. Àwọn kan gbà pé ẹni tó bá fetí sí irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ ti gbè é lẹ́yìn. Kò rí bẹ́ẹ̀. Nínú ẹjọ́ olùdìbò, ohun méjì ló yẹ ká yà sọ́tọ̀: ohun tó ń dùn ún, àti ẹni tó dá lẹ́bi.

Ohun tó ń dun Barking àti Dagenham, tí káńsù kan náà ń ṣàkóso, jinlẹ̀. Láti 1921 ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí kọ́ Becontree, ẹ̀sítéètì ńlá tí ìjọba kọ́ fún àwọn òṣìṣẹ́. Òfin 1980 wá gba ayálégbé láyè láti ra ilé káńsù; èyí tí wọ́n tà kò ní arọ́pò tó tó, àwọn tó ń wá ilé sì ń pọ̀ sí i. Ford, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Dagenham ní 1931, ṣíwọ́ títo mọ́tò níbẹ̀ ní 2002. Àwọn kan ń sọ pé ilé iṣẹ́ náà ti kógbá wọlé, bẹ́ẹ̀ wọ́n ṣì ń ṣe ẹ́ńjìnì níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ iṣẹ́ ti lọ. BNP di ẹ̀bi gbogbo rẹ̀ ru àwọn àlejò, tí àwọn Yorùbá wà lára wọn, ó sì gba àga 12 nínú 51 ní káńsù ní 2006. Àwọn àlejò kọ́ ló ta ilé káńsù, àwọn kọ́ ló ní kí Ford má to mọ́tò mọ́.

Ibí ni òwe náà ti wúlò. Ẹni tó bá gbọ́ ti BNP nìkan yóò dá aláìṣẹ̀ lẹ́bi. Ẹni tó bá kọ etí dídi sí àwọn olùdìbò BNP kò ní mọ̀ pé àìrílégbé ń bẹ nídìí ọ̀rọ̀.

Ní ọjọ́ 6 oṣù karùn-ún 2010, Hodge gba ìbò 24,628. Griffin gba 6,620, ó ṣe ipò kẹta. Labour kó gbogbo àga 51 ní káńsù. Lẹ́yìn náà, Fairrie ṣe Spiral ní 2017, lórí ìkórìíra àwọn Júù ní Faransé, àti Lady Boss ní 2021, lórí ìgbésí ayé òǹkọ̀wé Jackie Collins.