Ilẹ̀kùn Tí Ilé Ẹjọ́ Tì Mọ́ Ìjọba Èkó

Lọ́dún 1985, àwọn ọlọ́pàá lọ lé Odumegwu Ojukwu kúrò nínú ilé tó ń gbé ní Queen's Drive, Ìkòyí, nígbà tí ẹjọ́ lórí ilé ọ̀hún ṣì wà lọ́wọ́ adájọ́. Ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn pàṣẹ pé kí ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó dá a padà sílé. Ìjọba ò dá a padà. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ló kọrí sí, ó ní kí wọ́n bá òun dá àṣẹ náà dúró ná. Ìjọba ológun nìyẹn o, irú èyí tó fi Dìkírì 28 pa ìdájọ́ ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ lórí ẹjọ́ Lakanmi rẹ́ lọ́dún 1970. Síbẹ̀, lọ́dún 1986, Kayode Eso, Andrews Otutu Obaseki àtàwọn adájọ́ ẹgbẹ́ wọn kọ̀ jálẹ̀: ẹni tó ń tẹ àṣẹ ilé ẹjọ́ mọ́lẹ̀ kò lè máa tọrọ ojú rere lọ́wọ́ ilé ẹjọ́.

Àwọn tó ń yin ìdájọ́ yìí kì í sábà sọ pé kò rán ẹnikẹ́ni lẹ́wọ̀n. Ilẹ̀kùn ni àwọn adájọ́ tì, mo sì gbà pé ohun tó lágbára jù lọ́wọ́ wọn nìyẹn. Ẹnìkan lè ní ìyẹn kò tó, pé ẹ̀wọ̀n ló yẹ arúfin. Ọ̀nà ẹ̀wọ̀n wà lóòótọ́: Fọ́ọ̀mù 48 á kọ́kọ́ kìlọ̀ fún ẹni tó tàpá sí àṣẹ, Fọ́ọ̀mù 49 á wá bi í léèrè ìdí tí kò fi yẹ kó wẹ̀wọ̀n. Ayálégbé tí wọ́n bá fi ìwé méjèèjì lé lọ́wọ́ kò ní sùn lóru ọjọ́ náà. Àmọ́ ta ni yóò mú gómìnà? Lónìí, abala 308 òfin orílẹ̀-èdè ọdún 1999 ń dáàbò bò ó; nígbà ti Ojukwu, ọlọ́pàá tó yẹ kó múni ni ìjọba rán lọ sí Ìkòyí. Ẹlòmíì á ní títi ilẹ̀kùn mọ́ olùpẹ̀jọ́ kò bá ẹ̀tọ́ mu. Rárá, wọn ò fi ẹ̀tọ́ ìjọba dù ú. Ojú rere ló ń bẹ̀bẹ̀ fún, ọwọ́ rẹ̀ ò sì mọ́.

Ṣùgbọ́n ẹni tó bá wá kanlẹ̀kùn nìkan la lè tilẹ̀kùn mọ́. Ní oṣù Kejìlá ọdún 2004, ilé ẹjọ́ kan náà dájọ́ pé ààrẹ kò lágbára láti dá owó ìjọba ìbílẹ̀ Èkó dúró. Èkó tó ṣorí kunkun lọ́jọ́sí ló wá ń ké gbàjarè yìí. Ìjọba Obasanjo kò ní ohun kankan tó fẹ́ gbà lọ́wọ́ àwọn adájọ́. Owó ti wà níkàáwọ́ rẹ̀. Kò sì san án. Ọ̀nà kan wà tí ẹni tó jàre fi lè ní kí wọ́n gba owó òun láti àpò ẹni tó ń bá ẹni tó jẹbi di owó mú, ṣùgbọ́n bí owó náà bá wà lọ́wọ́ òṣìṣẹ́ ìjọba, òfin ní kó kọ́kọ́ gbàyè lọ́wọ́ agbẹjọ́rò àgbà, ẹni tí ìjọba fúnra rẹ̀ yàn. Ibẹ̀ gan-an ló yẹ ká tún ṣe. Ọdún 2007, lẹ́yìn tí Yar'Adua gorí àlééfà, ni owó Èkó tó jáde.