Ọ̀rẹ́ Ará Amẹ́ríkà: Bí Fíìmù Ọ̀daràn Ṣe Padà Sílé ní Jámánì

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní àìsàn ló ṣeé wò, kò sẹ́ni tó rí ti ọlọ́jọ́ ṣe. Ìbẹ̀rù ọlọ́jọ́ yìí gan-an ni àwọn ọ̀daràn inú fíìmù Der amerikanische Freund fi sọ ọmọlúàbí di apànìyàn. Wim Wenders, ọmọ bíbí ìlú Düsseldorf, ló darí fíìmù náà. Ọdún 1977 ni ó jáde, ìtumọ̀ orúkọ rẹ̀ sì ni 'Ọ̀rẹ́ Ará Amẹ́ríkà'.

Jonathan Zimmermann ni olú ẹ̀dá ìtàn. Iṣẹ́ férémù àwòrán ni ó ń ṣe ní Hamburg. Ó ní ìyàwó, ó ní ọmọkùnrin kan, ó sì ní àrùn inú ẹ̀jẹ̀. Ní ọjà gbàǹjo kan tí wọ́n ti ń ta àwòrán, Tom Ripley, ará Amẹ́ríkà tó ń fi ayédèrú àwòrán ṣòwò, na ọwọ́ sí i, ṣùgbọ́n Jonathan kọ̀ láti bọ̀ ọ́ lọ́wọ́. Ẹ̀tẹ́ kékeré yìí ló bí gbogbo wàhálà. Ripley fi orúkọ rẹ̀ lé ọ̀daràn kan tó ń wá ẹni tí yóò bá a pànìyàn lọ́wọ́. Wọ́n fi ayédèrú èsì àyẹ̀wò hàn án pé ọjọ́ rẹ̀ ti súnmọ́lé, wọ́n sì ṣèlérí owó tí aya àti ọmọ rẹ̀ yóò fi gbé ayé lẹ́yìn rẹ̀. Jonathan gbà. Ó yìnbọn pa ọkùnrin kan ní ibùdó ọkọ̀ ojú irin abẹ́ ilẹ̀ ní Paris. Nígbà tí wọ́n tún rán an níṣẹ́ ẹlẹ́ẹ̀kejì nínú ọkọ̀ ojú irin, Ripley fúnra rẹ̀ ló wá ràn án lọ́wọ́. Báyìí ni ẹni tó dá a lóró ṣe di ọ̀rẹ́ rẹ̀.

Irú fíìmù báyìí, tí òkùnkùn ìlú àti òkùnkùn ọkàn ènìyàn ti ń bára wọn rìn, ni àwọn ará Faransé sọ ní film noir, ìyẹn 'fíìmù dúdú'. Ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé ti Amẹ́ríkà ni. Àmọ́ gbòǹgbò rẹ̀ wà ní Jámánì. Fritz Lang ti ṣe M, ìtàn nípa ẹni tó ń pa ọmọdé, ní 1931. Nígbà tí Hitler gba ìjọba ní 1933, Lang, Billy Wilder àti Robert Siodmak kúrò nílùú, wọ́n sì dé Hollywood nígbẹ̀yìn. Òjìji àti ìmọ́lẹ̀ tí wọ́n ti mọ̀ ní Berlin wà lára ohun tí wọ́n fi ṣe irú fíìmù bíi Double Indemnity ní 1944 àti The Killers ní 1946.

Ní Jámánì fúnra rẹ̀, ilé iṣẹ́ fíìmù di ẹlẹ́gẹ́ lẹ́yìn ogun. Ní 1962, àwọn ọ̀dọ́ olùdarí 26 fọwọ́ sí ìwé kan ní Oberhausen pé fíìmù àtijọ́ ti kú, àwọn yóò dá tuntun sílẹ̀. Wenders, tí wọ́n bí ní 1945, wà lára ìran tó tẹ̀ lé wọn. Fíìmù àti orin Amẹ́ríkà ni ó fi dàgbà. Ó fẹ́ràn wọn, síbẹ̀ ó mọ̀ pé wọ́n ti gba ọkàn àwọn ọ̀dọ́ ilẹ̀ rẹ̀.

Ìwé Patricia Highsmith, òǹkọ̀wé Amẹ́ríkà, ni ó wù ú láti sọ di fíìmù, ṣùgbọ́n àwọn ẹlòmíràn ti ra ẹ̀tọ́ àwọn tó kọ́kọ́ fẹ́. Highsmith wá fún un ní Ripley's Game nígbà tí kò tíì di ìwé títẹ̀. Ìwé náà jáde ní 1974. Ilẹ̀ Faransé ni Jonathan ń gbé nínú ìwé. Wenders gbé e wá sí etí odò Elbe. Inú Highsmith kò kọ́kọ́ dùn sí fíìmù náà, ṣùgbọ́n ó yí èrò padà lẹ́yìn náà.

Bruno Ganz, òṣèré orí ìtàgé tí kì í fi iṣẹ́ ṣeré, ni Jonathan. Dennis Hopper, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ilẹ̀ Philippines dé láti ibi tí wọ́n ti ń ya Apocalypse Now, ni Ripley. Ìwà wọn kò bára mu. Wọ́n lu ara wọn níbi iṣẹ́, kí wọ́n tó wá di ọ̀rẹ́. Wenders tún kó àwọn olùdarí fíìmù ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ wá ṣe oníjìbìtì àti ọ̀daràn. Nínú wọn ni Nicholas Ray àti Samuel Fuller, àgbà méjì láti Amẹ́ríkà, wà. Robby Müller, ọmọ ilẹ̀ Holland, ló ya àwòrán rẹ̀: àwọ̀ pupa àti àwọ̀ ewé ló fi rọ́pò dúdú àti funfun àtijọ́.

Àjò kì í dùn kí onílé má relé. Ohun tí àwọn aṣíkiri gbé lọ sí Hollywood ni Wenders gbé padà wá sílé, pẹ̀lú ìbéèrè kan lórí rẹ̀: ta ni ọ̀rẹ́, ta ni ọ̀gá? Jonathan rò pé òun ń ta ìwọ̀nba ọjọ́ tó kù fún òun nítorí ọmọ òun. Kò mọ̀ pé irọ́ ni ìwé tí wọ́n fi díye lé ọjọ́ náà. Nígbà tí ó fi Ripley sílẹ̀ ní etí òkun tó sì wa ọkọ̀ lọ, ikú ká a mọ́ ìdí ọkọ̀. Owó lè délé fún aya àti ọmọ, ṣùgbọ́n ọkùnrin tí wọ́n mọ̀ tẹ́lẹ̀ kò délé mọ́.