Fíìmù Ìgbà Pípẹ́ nípa Ìdílé Òṣìṣẹ́ àti Ẹ̀kọ́ Rẹ̀ fún Àkọsílẹ̀ Èdè Ifẹ̀ ní Agbègbè Atakpamé

Ní agbègbè Atakpamé ní Tógò, àwọn tó ń sọ èdè Ifẹ̀, tí àwọn mìíràn ń pè ní Ana, gbà pé Ilé-Ifẹ̀ ni àwọn baba ńlá wọn ti wá. Ọmọ ibẹ̀ ni ìyá mi. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń lọ gba ohùn sílẹ̀ níbẹ̀, ṣùgbọ́n ọjọ́ díẹ̀ ni mo máa ń lò. Nínú àpilẹ̀kọ yìí, mo lo ìtàn fíìmù láti béèrè ohun tó máa ń sọnù nígbà tí ẹni tó ń ṣe àkọsílẹ̀ bá tètè lọ.

Kámẹ́rà tètè dé Tógò. Láàárín ọdún 1913 sí 1914, Hans Schomburgk, ará Jámánì, àti òṣèré rẹ̀, Meg Gehrts, ya fíìmù níbẹ̀. Gehrts kọ ìwé nípa ìrìn-àjò náà ní 1915. Fíìmù ìgbà náà kò ní ohùn: a lè rí iṣẹ́ ọwọ́ àti ijó àwọn ènìyàn, a kò lè gbọ́ ọ̀rọ̀ ẹnu wọn. Kámẹ́rà arìnrìn-àjò bẹ́ẹ̀ kì í sì í dúró títí ọmọ yóò fi dàgbà.

Ti Milwaukee ní Amẹ́ríkà yàtọ̀. Ní 1991 ni Bill Moyers àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ̀lé ìdílé méjì, ọ̀kan aláwọ̀ dúdú, èkejì aláwọ̀ funfun, tí iṣẹ́ ilé ẹ̀rọ bọ́ lọ́wọ́ wọn. Two American Families jáde ní 2013, àfikún rẹ̀ sì jáde ní 2024. Òǹwòran rí bí gbèsè àti àìríṣẹ́ ṣe ń wọ inú ilé díẹ̀díẹ̀, títí àwọn ọmọdé fi di òbí. Ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò ọjọ́ kan kò lè fi èyí hàn.

Ọ̀rọ̀ yìí kan àwa onímọ̀ ẹ̀dá-èdè. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, fíìmù Up bẹ̀rẹ̀ ní 1964 pẹ̀lú àwọn ọmọ ọdún 7, wọ́n sì ń padà sọ́dọ̀ wọn lẹ́yìn ọdún méje-méje. Wọn kò yà á nítorí èdè. Síbẹ̀, ní 2004, Gillian Sankoff lò ó láti yẹ fáwẹ̀lì àwọn méjì nínú wọn wò. Ó rí i pé ìpè wọn yí padà díẹ̀ lẹ́yìn ìgbà èwe, ṣùgbọ́n ohùn ìlú tí wọ́n dàgbà sí kò parẹ́.

Ilé iṣẹ́ aṣọ kan wà ní Datcha, lẹ́bàá Atakpamé, tí ẹ̀gbọ́n ìyá mi ọkùnrin ti ṣiṣẹ́. Nígbà tí iṣẹ́ náà tán, wọ́n padà sóko; ìyàwó wọn kó àwọn ọmọ lọ sí Lomé, ó ń tajà níbẹ̀. Lónìí, èdè Ewe ni àwọn ọmọ náà fi ń dá bàbá wọn lóhùn. Mo ní téèpù ẹ̀gbọ́n ìyá mi láti ìgbà tí wọ́n ṣì ń ṣiṣẹ́: orúkọ iṣu wà níbẹ̀, òwe wà níbẹ̀. Ọjọ́ tí ọmọ kọ́kọ́ fi Ewe dáhùn kò sí níbẹ̀, nítorí mo ti lọ.

Àbá mi fún akẹ́kọ̀ọ́ ni pé kí ó yan ìdílé kan, kí ó gba àṣẹ wọn, kí ó sì máa padà lọ́dọọdún. Kámẹ́rà lè mú kí ènìyàn ṣọ́ ẹnu. Bí ó bá pẹ́ nílé, ìṣọ́ra náà á dínkù. Mo ti bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ẹ̀gbọ́n ìyá mi àti àwọn ọmọ-ọmọ wọn. Ohun kan ṣoṣo ni wọ́n béèrè: kí n kọ́kọ́ fi èyí tí mo gbà lọ́dún tó kọjá hàn wọ́n, kí n tó gba tuntun.